Omi Àjídèwe ti Kàbà: Oògùn Tó Lágbára, Ike Tí Kò Ní Ìwọ̀n

Omi àjídèwe ni orúkọ tí àwọn ènìyàn fún oògùn olómi kan tó ti gba ìgboro Kàbà, tó sì ti dé Ìjùmú àti apá kan ilẹ̀ Ìyàgbà. Inú ike omi mímu tí a ti lò rí ni olùṣe rẹ̀ ń rọ ọ́ sí. Ike kékeré jẹ́ ₦1,500, ike ńlá sì jẹ́ ₦2,500. Ó pọ́n, ó ki díẹ̀, ó sì ń ta sánsán ata ilẹ̀ àti oyin, ṣùgbọ́n bí ó bá ti kan ìdí ahọ́n, iyọ̀ kíkorò kan máa ń yọjú lẹ́yìn adùn náà. Ìwé pélébé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ara ike náà to orúkọ àìsàn jọ láti òkè dé ìsàlẹ̀: oríkèé ríro, àárẹ̀, ẹ̀jẹ̀ ríru, ìtọ̀ ṣúgà, àìróorunsùn, ìgbàgbé, ojú tó ń ṣe bàìbàì, àti ọjọ́ ogbó fúnra rẹ̀. Ohun tí kò sí lórí ìwé náà ni iye tí ènìyàn yóò mu, ohun tí wọ́n fi ṣe é, ọjọ́ tí wọ́n sè é, ọjọ́ tí yóò bàjẹ́, àti nọ́mbà àjọ NAFDAC.

Mo ti mu ún, mo ti lọ sí ibi tí wọ́n ti ń sè é, mo sì wà níbi tí ó ti tú àpèjẹ ńlá kan ká. Ohun tí mo rí ni pé oògùn tó ń ṣiṣẹ́ ni, ṣùgbọ́n iṣẹ́ kan ṣoṣo ló ń ṣe, ìyẹn ni pé ó ń fọ ikùn, ó sì ń ṣe é pẹ̀lú agbára tí ẹnikẹ́ni kò lè sọ bí yóò ti pọ̀ tó kí ó tó mu ún. Bí ó ti wà nísinsìnyí, n kò gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn láti rà á. Mo kọ èyí pẹ̀lú ọ̀wọ̀, nítorí ẹni tó ṣe oògùn náà kì í ṣe gbájú-ẹ̀, iṣẹ́ rere sì wà lọ́wọ́ wọn tí gbogbo ilẹ̀ Ọ̀kún yẹ kí ó mọ̀.

Bàbá náà ti dàgbà. Iṣẹ́ àtúnṣe rédíò ni wọ́n kọ́ nígbà èwe wọn, kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í jó irin pọ̀. Ibi iṣẹ́ wọn wà ní ẹ̀yìn ìlú Kàbà, ẹni tó bá sì kọ́kọ́ wọ ibẹ̀ yóò rò pé ọjà àlòkù ni. Agogo kan wà tó ń dún fúnra rẹ̀ nígbà tí omi òjò bá kún àgbá. Kẹ̀kẹ́ kan wà tí wọ́n ń wà lórí ìdúró láti fi fẹ́ iná. Awò dúdú tí àwọn ajórin ń lò kì í sì í kúrò níwájú orí wọn, àní títí kan inú ṣọ́ọ̀ṣì. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ̀rọ̀ nípa ẹ̀rọ kajú wọn. Ẹnikẹ́ni tó bá ti pa kajú ní ìpínlẹ̀ Kogí mọ ohun tí oje inú èèpo kajú ń ṣe sí ọwọ́: ó ń jó awọ ara, ó ń lé e, ó sì ń bó o, nítorí ásíìdì tó wà nínú rẹ̀. Bàbá ṣe ẹ̀rọ kékeré kan tó ní abẹ méjì àti ìdìmú gígùn, tó ń la èèpo láìfọ́ ẹ̀pà inú rẹ̀, tí ìka ẹni tó ń lò ó kò sì ní kan oje náà. Kí wọ́n tó gé irin àkọ́kọ́, wọ́n ṣa kajú ńlá, kajú àárín àti kajú kékeré, wọ́n fi irinṣẹ́ ìwọ̀n wọ̀n wọ́n ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n sì kọ gbogbo rẹ̀ sínú ìwé kan tí wọ́n fi hàn mí. Mo fẹ́ kí ẹ rántí ìwé yẹn bí mo ti ń bá ọ̀rọ̀ mi lọ.

Àpèjẹ tí mo sọ jẹ́ ìgbéyàwó ìbílẹ̀ ní pápá ilé-ìwé kan ní Ìjùmú. Bàbá ìyàwó jẹ́ ọ̀rẹ́ bàbá ẹlẹ́rọ yìí láti ìgbà èwe, nítorí náà ni bàbá ṣe gbé kẹ́ẹ̀gì lítà 25 kan wá gẹ́gẹ́ bí ẹ̀bùn, tí wọ́n sì ní kí wọ́n kọ́kọ́ bù ú fún àwọn àgbà kí oúnjẹ tó dé. Ife tí wọ́n fi ń mu ẹmu ni àwọn ọmọdébìnrin tó ń gbé oúnjẹ fi bù ú. Àwọn àgbà mu ún, wọ́n ní ó dùn díẹ̀, ó korò díẹ̀, wọ́n gbàdúrà fún ẹni tó gbé e wá, ètò sì ń lọ.

Ó tó bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ kí ohunkóhun tó ṣẹlẹ̀. Bàbá àgbà kan wà níwájú, tí ọmọ wọn ti fà wọ̀lú pẹ̀lú ọ̀pá lọ́wọ́, tí gbogbo wa sì rí i bí wọ́n ti ń rọra jókòó láàárọ̀. Lójijì, bàbá yìí dìde. Wọ́n fi ọ̀pá sílẹ̀ lórí àga. Wọ́n ká agbádá wọn sí èjìká, wọ́n sì sáré la àárín pápá kọjá, eré gidi, eré tí àwọn ọmọ ilé-ìwé ń sá níbẹ̀. Ìṣẹ́jú kan ni gbogbo ènìyàn fi dákẹ́, lẹ́yìn náà ni ariwo ayọ̀ sọ. Alága ìdúró gba ẹ̀rọ ìgbóhùnsókè, ó kígbe pé iṣẹ́ ìyanu ti wọ ìlú. Onígángan bẹ̀rẹ̀ sí í ki bàbá, ó sáré tẹ̀ lé wọn, àwọn onílù yòókù tẹ̀ lé òun náà, àwọn ẹbí sì fa owó yọ. Wọ́n ká bàbá mọ́ àárín pápá, wọ́n ń ná owó mọ́ wọn níwájú orí, wọ́n ń jó yí wọn ká, bàbá ń fi ọwọ́ méjèèjì bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n fún àwọn lọ́nà, àwọn ènìyàn sì rò pé ijó ni. Ọ̀nà ṣáláńgá ni wọ́n ń wá. Nígbà tí wọ́n fi rí àyè já gbà, ọ̀rọ̀ ti bọ́ sórí.

Ohun tó tẹ̀ lé e ló mú kí n máa ronú lórí oògùn yìí títí di òní. Kì í ṣe pé àwọn ènìyàn sá fún kẹ́ẹ̀gì. Wọ́n sá lọ bá a ni. Gbogbo ẹni tó ní ìrora orúnkún, gbogbo ẹni tí ẹ̀yìn ń dùn, àti ọ̀pọ̀ ẹni tí kò sí ohun tó ń ṣe é, ló na ife. Nígbà tí àgbà kejì sáré, ìgbàgbọ́ lé sí i. Nígbà tí ẹ̀kẹta sáré, kò sí ohun tó kù nínú kẹ́ẹ̀gì mọ́ àyàfi gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ ìsàlẹ̀, àwọn ọ̀dọ́kùnrin kan sì da omi sí i, wọ́n mì í, wọ́n mu ìyẹn náà.

Àsìkò tí àwọn ọ̀rẹ́ ọkọ ìyàwó máa ń dọ̀bálẹ̀ fún ẹbí ìyàwó ni oògùn dé bá wọn. Àwọn tó wà ní ìlà iwájú ti nà gbalaja sílẹ̀. Kí Alága ìjókòó tó parí orin tó ń kọ, méjì nínú wọn dìde láìgba àṣẹ, wọ́n sì mú ọ̀nà ẹ̀yìn ilé-ìwé pọ̀n. Alága bu owó ìtanràn lé wọn gẹ́gẹ́ bí àṣà. Wọn kò jiyàn rárá. Wọ́n ń ju náírà sẹ́yìn bí wọ́n ti ń sáré lọ. Ó bu òmíràn lé àwọn mẹ́ta tó tún dìde, àwọn yẹn náà san án lórí eré. Kò pẹ́ tí Alága ìjókòó fúnra rẹ̀, tó ti mu ife kan láti fi la ọ̀fun, gbé ẹ̀rọ ìgbóhùnsókè lé ọwọ́ ìyàwó tó wà nínú ìbòjú, ó sì lọ.

Ṣáláńgá méjì ló wà ní ilé-ìwé náà, ọ̀kan sì wà ní títì, kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ wà lọ́wọ́ ẹni tó lọ sí oko. Ìyá arúgbó kan tí ilé rẹ̀ kángun sí pápá náà ló gba ìlú là. Ó ṣí ilé rẹ̀, ó gbé àga kalẹ̀ sẹ́nu ọ̀nà, ó ń kí ẹni kọ̀ọ̀kan tó bá dé ní “Ọ̀kún o,” ó sì pàṣẹ pé àgbà ni yóò kọ́kọ́ wọlé. Àṣẹ yìí tọ́, ó sì bá ìwà wa mu, ṣùgbọ́n ó sọ ìlà náà di ibi ìjẹ́wọ́ ọjọ́ orí. Ẹni tó jẹ́ ẹni àádọ́ta ọdún láàárọ̀ di ẹni ọgọ́ta lọ́sàn-án. Obìnrin kan tí ẹgbẹ́ rẹ̀ ti bá ṣe ọjọ́ ìbí ogójì ọdún láìpẹ́ yìí búra níwájú gbogbo wọn pé ọmọ ogójì ọdún ni ọmọ òun. Omi tí wọ́n mu kí wọ́n lè di èwe ló sọ gbogbo wọn di àgbàlagbà láàárín wákàtí kan, ìrẹsì sì wà nínú ìkòkò títí ó fi tutù.

Ó pa wá lẹ́rìn-ín, a sì ń sọ ọ́ di òní, àmọ́ ìyókù rẹ̀ kò pa mí lẹ́rìn-ín. Ní alẹ́ ọjọ́ yẹn, nígbà tí kálukú ti sinmi tí wọ́n rò pé ó ti tán, ìyàgbẹ́ tún bẹ̀rẹ̀ ní ìgbà kejì, pẹ̀lú inú rírun tó le ju ti ọ̀sán lọ. Ìyá kan tó ń lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru dákú ní ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀, wọ́n sì ní láti gbé e lọ sí ilé ìwòsàn kékeré tó wà nítòsí láti fa omi sí i lára. Ọpẹ́ ni pé kò sí ẹni tó kú.

Lẹ́yìn ìyẹn ni mo ra ike kékeré kan, mo sì mu ṣíbí ìjẹun kan péré nínú rẹ̀ nílé, lẹ́yìn tí mo ti jẹun tí mo sì ti pèsè omi sílẹ̀. N kò ní àìsàn kankan, n kò sì lo oògùn mìíràn lọ́jọ́ yẹn. Ìwọ̀n kékeré yẹn fọ ikùn mi lọ́sàn-án, ó sì tún fọ̀ ọ́ ní òru. Ó dà bí ẹni pé oògùn méjì ló wà nínú ike kan, nígbà tí mo sì bi bàbá léèrè, wọ́n jẹ́wọ́ láìfi nǹkan kan pa mọ́ pé bẹ́ẹ̀ gan-an ni. Iyọ̀ Epsom, tí àwọn onímọ̀ ń pè ní magnesium sulphate, wà nínú rẹ̀. Ewé àsùnwọ̀n gbígbẹ tí a lọ̀ kúnná náà wà níbẹ̀. Oyin, ata ilẹ̀ àti egbò igi ló kù.

Ìwọ̀nyí kì í ṣe ohun àjèjì. Iyọ̀ Epsom ń fa omi láti ara wá sínú ìfun, ó sì lè bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láàárín ọgbọ̀n ìṣẹ́jú sí wákàtí 6. Ewé àsùnwọ̀n ń ṣiṣẹ́ ní tirẹ̀ lọ́nà mìíràn: ohun tó ń ṣiṣẹ́ nínú rẹ̀ gbọ́dọ̀ rìn dé ìfun ńlá kí àwọn kòkòrò àìfojúrí tó ń gbé ibẹ̀ tó yí i padà sí ohun tó ń ta ìfun jí, ìdí nìyẹn tí ó fi máa ń gbà tó wákàtí 6 sí 12. Ẹni tó bá mu méjèèjì pọ̀ ní ọ̀sán yóò sáré ní ọ̀sán, yóò sì tún sáré ní òru. Àwọn bàbá wa mọ àsùnwọ̀n dáadáa, àwọn onímọ̀ ìṣègùn òyìnbó náà ń lo ìbátan rẹ̀ fún ẹni tí kò lè yàgbẹ́ títí di òní. Kò sí àbùkù lára ewé, kò sì sí àbùkù lára iyọ̀.

Àbùkù wà lára bí a ṣe ń bù ú. Mo dúró ti bàbá nígbà tí wọ́n ń sè é. Ojú ni wọ́n fi ń wọn ewé. Ẹ̀kúnwọ́ ni wọ́n fi ń wọn iyọ̀, ọwọ́ bàbá sì yàtọ̀ sí ọwọ́ ọmọ iṣẹ́ wọn tó máa ń sè é bí wọ́n bá rìnrìn àjò. Àsùnwọ̀n tí a lọ̀ kì í yòrò tán, ìsàlẹ̀ ìkòkò ló máa ń rọ̀ sí, nítorí náà ike tí a bá kọ́kọ́ bù máa ń fẹ́rẹ̀ẹ́, èyí tí a bá bù kẹ́yìn sì máa ń ki. Àṣírí àpèjẹ yẹn nìyí: àwọn àgbà tó mu ti òkè kẹ́ẹ̀gì gba ìwọ̀n díẹ̀, àwọn tó sáré wá lẹ́yìn iṣẹ́ ìyanu náà gba èyí tó le, àwọn ọ̀dọ́ tó fọ gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ mu ló sì jìyà jù. Àwọn ọ̀dọ́ wọ̀nyẹn ni ilẹ̀ fi mọ́ bá lójúfò. Mo ra ike mìíràn, ìsàlẹ̀ ìkòkò ni wọ́n sì ti bù ú; mo gbé e lé ẹ̀gbẹ́ ike àkọ́kọ́ kí ó sùn mọ́jú, gẹ̀dẹ̀gẹ́dẹ̀ inú wọn kò sì bára dọ́gba rárá, bẹ́ẹ̀ orúkọ kan náà àti owó kan náà ló wà lórí méjèèjì.

Mo bi bàbá léèrè ìdí tí ẹni tó wọn kajú ní ọ̀kọ̀ọ̀kan kò fi wọn ewé. Wọ́n rò ó fún ìgbà díẹ̀, wọ́n sì dá mi lóhùn pé irin kò ní ẹ̀mí, ó nílò ìwọ̀n, ṣùgbọ́n ewé mọ iṣẹ́ rẹ̀. Mo bọ̀wọ̀ fún ìgbàgbọ́ yìí nítorí mo mọ ibi tó ti wá, àmọ́ n kò gbà á. Àwọn àgbà tó ń ṣe àgbo fún ọmọ tuntun ní ilẹ̀ wa kì í bù ú láìwo bí ọmọ ṣe tóbi tó. Ìwọ̀n wà nínú ìṣègùn wa kí kẹ́mísítì tó dé.

Ní ti àwọn àìsàn tí ìwé ara ike náà kà sílẹ̀, n kò rí ohunkóhun nínú àwọn èròjà yìí tó lè wo ìtọ̀ ṣúgà tàbí ojú bàìbàì. Ìtura tí àwọn ènìyàn ń sọ pé àwọn ní lẹ́yìn ọjọ́ kejì, ìtura ikùn tó ṣófo ni. Òfin oúnjẹ àti oògùn ilẹ̀ wa ka àwọn àìsàn kan tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ polówó fún aráàlú pé òun ní ìwòsàn wọn, nítorí ẹni tó ní irú àìsàn bẹ́ẹ̀ lè torí ìpolówó pa oògùn gidi tì. Ewu tó wà fún àwọn kan tún ju ìtìjú àárín pápá lọ. Ẹni tí kíndìnrín rẹ̀ kò dá ṣáṣá kò gbọdọ̀ mu iyọ̀ Epsom, nítorí ara rẹ̀ kò ní lè tú u jáde. Ẹni tó ń lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru tó ń mú ènìyàn tọ̀ ti ń pàdánù omi tẹ́lẹ̀. Aboyún, ọmọdé àti arúgbó kò sì ní agbára láti pàdánù omi tó bẹ́ẹ̀.

Àwọn kan sọ fún mi pé wàhálà NAFDAC kò yẹ fún bàbá arúgbó tó ń ta ewé. Ọdún 1993 ni ìjọba dá àjọ yẹn sílẹ̀, lẹ́yìn tí omi oògùn ibà tí wọ́n fi májèlé diethylene glycol pò ti pa ọ̀pọ̀ ọmọdé ní orílẹ̀-èdè yìí ní 1990. Májèlé kan náà tún wọ inú oògùn eyín ọmọ ní 2008, àwọn ọmọ tó kú sì lé ní 80. Àwọn tó po oògùn wọ̀nyẹn kò mọ ohun tó wà nínú èròjà tí wọ́n rà. Fún oògùn ewé, àjọ náà ní ọ̀nà kan tó rọrùn díẹ̀, tí wọ́n ń pè ní listing: ọdún méjì ló ń lò kí a tó tún un ṣe, lẹ́tà L máa ń wà ní ìparí nọ́mbà rẹ̀, ara ike sì gbọ́dọ̀ sọ pé àjọ náà kò tíì ṣàyẹ̀wò bóyá ó ń wo àìsàn tí olùṣe rẹ̀ kà sílẹ̀. Ẹ má ṣe ka nọ́mbà bẹ́ẹ̀ sí ẹ̀rí ìwòsàn. Ohun tó ń fún wa ni pé a ó mọ ẹni tó ṣe é, ibi tó ti ṣe é, àti ohun tó wà nínú rẹ̀. Mo ti bẹ bàbá pé kí wọ́n gba ọ̀nà yìí, kí wọ́n yọ orúkọ gbogbo àìsàn kúrò lára ike àfi àìlèyàgbẹ́ nìkan, kí wọ́n yan ọ̀kan nínú iyọ̀ àti ewé, kí wọ́n sì fi ife ìwọ̀n kékeré sí ọrùn ike. Wọ́n ti fara mọ́ ti ife. Ìyókù ṣì wà nínú àròjinlẹ̀ wọn, n kò sì ní yé lọ síbẹ̀.

Bí ike náà bá wà nílé yín, ẹ má ṣe mu ún. Bí ẹ bá ti mu ún tí inú ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí, ẹ po ṣíbí tíì ṣúgà 6 tí a gé orí rẹ̀ dọ́gba àti ìdajì ṣíbí tíì iyọ̀ ìdáná sínú lítà omi mímọ́ kan, kí ẹ sì máa mu ún díẹ̀díẹ̀. Bí òòyì bá ń kọ́ yín, tí ìtọ̀ kò wá mọ́, tàbí tí ẹ̀jẹ̀ bá fara hàn, ilé ìwòsàn ló kàn, kí ẹ sì gbé ike náà dání lọ kí nọ́ọ̀sì lè rí i.

Ní ti ẹ̀rọ kajú, mo fi ọwọ́ mi méjèèjì gbà yín nímọ̀ràn pé kí ẹ rà á. Ó wọ́n ju omi àjídèwe lọ púpọ̀, bàbá kì í sì í ṣe é sílẹ̀ de oníbàárà. Ẹni tó bá fẹ́ ẹ gbọ́dọ̀ ṣètò rẹ̀ kí ọyẹ́ tó mú, nítorí bí kajú bá bẹ̀rẹ̀ sí í já ní oṣù kejì ọdún, ọwọ́ wọn kò ní dilẹ̀ mọ́.